Ìwé Tí Kò Sí, àti Ìmọ̀ Tí A Ní Tí A Kò Kà Sí

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a. Irọ́ tí a fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí yìí ti tó ọgọ́rùn-ún ọdún lójú ọ̀nà, kò sì tíì rẹ̀ ẹ́. Orúkọ rẹ̀ ni Necronomicon. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ń wá a kiri lórí íntánẹ́ẹ̀tì, wọ́n sì ń bi àwa olùkọ́ léèrè bóyá òótọ́ ni pé ìwé àtijọ́ kan wà tí ó kó àṣírí ayé òun ọ̀run jọ, tí ẹni tí ó bá kà á yóò ya wèrè. Ìdáhùn wa kò gùn: kò sí. Ṣùgbọ́n ìdí tí irọ́ yìí fi dùn létí wọn ju òtítọ́ ilé wọn lọ, èyí ni ó yẹ kí á gbé yẹ̀wò.

H. P. Lovecraft, ará Amẹ́ríkà tí a bí ní ìlú Providence ní ọdún 1890, tí ó sì kú níbẹ̀ ní ọdún 1937, ni ó fi orí ara rẹ̀ ro ìwé náà. Ìtàn adẹ́rùbani ni ó ń kọ fún ìwé ìròyìn. Ní ọdún 1927, ó kọ ìtàn ìgbésí ayé ìwé tí kò sí yìí. Ó ní Lárúbáwá kan tí orí rẹ̀ dàrú, Abdul Alhazred, ará Sanaa ní ilẹ̀ Yemen, ni ó kọ ọ́ ní nǹkan bí ọdún 730; pé wọ́n túmọ̀ rẹ̀ sí èdè Gíríìkì ní ọdún 950; pé Olaus Wormius sì túmọ̀ rẹ̀ sí èdè Látìn ní ọdún 1228; pé ẹ̀dà kan wà ní Bibliothèque nationale ní Paris. Ẹ jẹ́ kí á wo iṣẹ́ náà dáadáa. Oníṣègùn ará Denmark kan wà lóòótọ́ tí ń jẹ́ Ole Worm, ṣùgbọ́n ọdún 1588 ni a bí i. Báwo ni ènìyàn ṣe lè túmọ̀ ìwé ní ọ̀tàlélọ́ọ̀ọ́dúnrún ọdún kí a tó bí i? Ọmọ ilé kéwú ní Àjàṣẹ́ pàápàá yóò rí i pé orúkọ Lárúbáwá náà kò tọ̀nà: «al» ti wà nínú «Abdul», Lovecraft sì tún fi òmíràn lé e. Òǹkọ̀wé náà fúnra rẹ̀ kò sì fi bò: nínú lẹ́tà rẹ̀, ó ń sọ fún àwọn tí ó bi í pé òun ni òun ro ó.

Ẹni tí ó kú kò lè dá àwọn oníṣòwò lẹ́kun. Ní ọdún 1973, a tẹ ọ̀kan jáde ní Amẹ́ríkà tí ó kún fún àmì tí kò sí ẹni tí ó lè kà á. Ní ọdún 1977, òmíràn jáde ní New York, ẹni tí ó pe ara rẹ̀ ní Simon sì fi orúkọ àwọn òrìṣà Mesopotámíà kún un. Ní ọdún 1978, ẹ̀kẹta jáde ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Mẹ́tẹ̀ẹ̀ta kò jọ ara wọn. Bí ìwé kan ṣoṣo bá wà lóòótọ́, ṣé inú mẹ́ta ni yóò ní?

Àwọn kan yóò ní: «Eré ni, ẹ fi àwọn ọmọ sílẹ̀.» A gbà pé ìtàn àròsọ kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Fágúnwà wa náà, nínú Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀ tí ó jáde ní ọdún 1938, sọ pé bàbá kan ni ó wá ka ìtàn náà fún òun kí òun kọ ọ́ sílẹ̀. Ọgbọ́n òǹkọ̀wé ni. A kò rí ẹni tí ó ta àwòrán ilẹ̀ Igbó Irúnmalẹ̀ fún wa rí. Ìjà wa kò sí pẹ̀lú ẹni tí ó pa ìtàn. Ó wà pẹ̀lú ẹni tí ó ń tà á bí òótọ́, àti pẹ̀lú ọkàn tí ó ń rà á láìbéèrè.

Ohun kejì wà tí eré náà ń gbé bò. Nínú ìtàn «The Call of Cthulhu», tí ó jáde ní ọdún 1928, àwọn ọlọ́pàá New Orleans wọ inú irà Louisiana lọ mú àwọn abọ̀rìṣà kan. Àwọn ènìyàn dúdú àti àwọn tí ẹ̀jẹ̀ wọn pò mọ́ra ni Lovecraft fi ṣe wọ́n. Nígbà tí ó sì wá ohun tí yóò fi wọn ibi wọn, Vodun ilẹ̀ Áfíríkà ni ó mú, ó ní tiwọn burú ju ìyẹn lọ. Vodun tí a ń sọ yìí náà ni orílẹ̀-èdè Benin ń ṣe àjọ̀dún rẹ̀ ní oṣù kìn-ín-ní lọ́dọọdún. Àwọn aládùúgbò wa ni, àwọn àna wa ni. Nnedi Okorafor, tí àwọn òbí rẹ̀ ti Nàìjíríà wá, gba ẹ̀bùn World Fantasy ní ọdún 2011. Orí Lovecraft ni ère tí wọ́n gbé lé e lọ́wọ́, ó sì sọ ìṣòro náà síta. Ní ọdún 2015 ni wọ́n kéde pé àwọn kò ní lo ère náà mọ́. Bí àwọn tí wọ́n ni ẹ̀bùn bá lè tún un rò, kí ni ó dé tí àwa kò ní rò ó?

Ẹ wá wo ohun tí ó dùn wá jù. Ìwé tí kò sí ní ọjọ́ ìbí, ó ní atúmọ̀, ó ní ibi ìpamọ́. Ifá tí ó wà, ojú odù mẹ́rìndínlógún, igba odù ó lé mẹ́rìndínlọ́gọ́ta pẹ̀lú àìmọye ẹsẹ, ni ọmọ wa ń pè ní ọ̀rọ̀ àwọn bàbá arúgbó, nítorí pé orí ènìyàn ni ó wà, kì í ṣe inú ìwé aláwọ. Bernard Maupoil, ará Faransé, kò fojú tín-ín-rín rẹ̀: ó tẹ ìwé ńlá jáde lórí Fá ní ọdún 1943. William Bascom ṣe tirẹ̀ ní ọdún 1969. Wande Abimbola ṣe tirẹ̀ ní ọdún 1975. UNESCO kéde Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ní ọdún 2001, ó kéde Ifá ní ọdún 2005. A kò ní kí Mùsùlùmí tàbí Kìrìsìtẹ́nì yí ẹ̀sìn rẹ̀ padà. Ìmọ̀ ni a ń sọ: bí a ṣe ń há ọ̀rọ̀ sórí fún ọ̀pọ̀ ọdún, bí a ṣe ń to ìtàn, bí a ṣe ń fi àpẹẹrẹ dá ẹjọ́.

Nítorí náà, ohun méjì ni a ń béèrè. Kí ẹgbẹ́ wa fi ọ̀rọ̀ Ifá tí a ti tẹ̀ síwájú àwọn akẹ́kọ̀ọ́, ní Yorùbá àti ní Faransé, kí wọ́n lè kà á lẹ́gbẹ̀ẹ́ Lovecraft kí wọ́n sì fi ojú ara wọn ṣe ìdájọ́. Kí akẹ́kọ̀ọ́ kọ̀ọ̀kan, ní Kétu, ní Ṣábẹ̀ẹ́, ní Àjàṣẹ́, gba oríkì ìdílé rẹ̀ lẹ́nu àgbà kan, kí ó kọ ọ́ sílẹ̀, kí ó fi àmì ohùn sí i. Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, ẹ ka Lovecraft bí ẹ bá fẹ́; ẹ kà á bí ìtàn. Ìwé tirẹ̀ kò lè sọnù, nítorí kò sí rí. Èyí tí ó wà lórí bàbá yín àgbà ni ó lè sọnù, kò sì ní ẹ̀dà ní Paris.