Ta Ni Ó Ni Àwòrán Àwọn Baba Wa?

Inú máa ń bí ọ̀pọ̀ ènìyàn nígbà tí wọ́n bá gbọ́ pé ẹni tí ó fẹ́ mú díẹ̀ nínú fíìmù àtijọ́ nípa ilẹ̀ wa sínú fíìmù tirẹ̀ ní láti sanwó ní Lọ́ńdọ̀nù. Wọn a ní, "Olè ni wọ́n! Àwọn baba wa ni wọ́n yà. Owó kí ni a tún ń san?" Ẹ̀yin ọmọ ilé ìwé, ẹ má ṣe bá wọn ṣe àmín kí ẹ tó gbọ́ ẹjọ́ náà tán.

Láti 1939 títí di 1955 ni ẹ̀ka ìjọba Gẹ̀ẹ́sì tí à ń pè ní Colonial Film Unit fi ń ṣe fíìmù fún àwọn ilẹ̀ tí wọ́n jọba lé lórí. Kì í ṣe ìfẹ́ wa ni ó gbé wọn dé ìdí rẹ̀. Ojú ọ̀gá ni wọ́n fi wò wá. Síbẹ̀, wọ́n tọ́jú ohun tí wọ́n yà. Ní 2010, wọ́n gbé àkọsílẹ̀ fíìmù ayé ìjọba amúnisìn tí ó lé ní 6,000 jáde, kí ẹnikẹ́ni lè mọ èyí tí ó wà àti ibi tí ó wà. Ẹni tí ó bá fẹ́ lo ìṣẹ́jú kan péré nínú irú fíìmù bẹ́ẹ̀ yóò kọ̀wé sí ẹni tí ó ni ín. Yóò sọ bóyá sinimá ni tàbí tẹlifíṣọ̀n, ilẹ̀ tí a ó ti wò ó, àti iye ọdún tí yóò fi lò ó. Lórí èyí ni wọn yóò ti dá iye lé e. Bí orin bá wà nínú rẹ̀, ó lè jẹ́ ẹlòmíràn ni ó ni orin, àṣẹ mìíràn sì tún nìyẹn.

Àwa ńkọ́? Ní ọjọ́ 31 oṣù kẹwàá, 1959, ni tẹlifíṣọ̀n WNTV bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn, a sì ń fi í yangàn títí di òní. Ṣùgbọ́n eré Village Headmaster tí gbogbo Nàìjíríà ń jókòó wò láti 1968, púpọ̀ nínú rẹ̀ ti ṣègbé, nítorí pé téèpù wọ́n, a sì ń ya tuntun lé ti àtijọ́ lórí. Òótọ́ ni pé BBC pẹ̀lú dẹ́ṣẹ̀ yìí, ṣùgbọ́n wọ́n jáwọ́ ní nǹkan bí 1978. Fíìmù Shaihu Umar tí Adamu Halilu ṣe ní 1976, a ti gbà pé ó sọnù. Ní Jos níbí ni a ti padà rí i, kí wọ́n tó tún un ṣe, tí wọ́n sì fi í hàn ní Berlin ní 2018. Inú ilé wa ni ohun tí à ń wá wà!

Àwọn kan ní kí a kúkú jí i lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Bẹ́ẹ̀, òfin Nàìjíríà ti 2022 tí ó dáàbò bo fíìmù fún 50 ọdún, òun kan náà ni yóò gba ayàwòrán Òkìtìpupa lọ́wọ́ àwọn olè.

Ẹ̀yin tí ẹ wà ní Ìkọ̀yà, bí ẹnì kan bá fẹ́ ṣe fíìmù lórí asíkò Ìkálẹ̀ tí Comfort Omoge kọ di olókìkí, ta ni nínú yín yóò fi àwòrán ijó rẹ̀ hàn án? À ń ya ìsìnkú, à ń ya ọdún. Lẹ́yìn náà kásẹ́ẹ̀tì yóò wọ abẹ́ ibùsùn, ọ̀rinrin ilẹ̀ wa yóò sì jẹ ẹ́. Ẹni tí ó jẹ́ kí ẹ̀gẹ́ tirẹ̀ jẹrà lóko, ojú wo ni yóò fi bá ẹni tí ó fi tirẹ̀ ṣe pupurú jà nígbà ọ̀wọ́n?

Ó tọ́ kí a béèrè ẹ̀dà àwọn fíìmù wọ̀nyẹn, nítorí àwọn tí ń jó nínú wọn kò gba nǹkan kan. Ṣùgbọ́n yàrá wo ni a ó gbé wọn sí? Bí kásẹ́ẹ̀tì ìsìnkú ìyá ńlá yín bá wà nílé, ẹ jókòó ti àgbà tí ó mọ ojú àwọn oníjó inú rẹ̀. Ẹ kọ orúkọ wọn sílẹ̀, àti ọjọ́ náà, àti orúkọ ẹni tí ó yà á, nígbà tí àgbà náà ṣì wà láàyè.