Irun Dídì Ọlọ́wọ̀

Ọdọọdún ni mo ń kà á nínú ìwé ìdánwò àwọn akẹ́kọ̀ọ́ mi pé Ọ̀rọ̀nsẹ̀n ni Medea ilẹ̀ Yorùbá. N kò bá wọn wí. Àwa olùkọ́ ni a kọ́ wọn bẹ́ẹ̀.

Ìtàn náà kò ṣàjèjì sí ará Ọ̀wọ̀. Ọlọ́wọ̀ Rẹrẹngẹjẹn fẹ́ obìnrin kan tí kì í ṣe ènìyàn lásán, èèwọ̀ sì rọ̀ mọ́ ìfẹ́ wọn: a kò gbọdọ̀ lọ ilá lójú rẹ̀, a kò gbọdọ̀ da omi sí àgbàlá, a kò gbọdọ̀ sọ ìdì igi kalẹ̀. Àwọn orogún rẹ̀ ṣe mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Obìnrin náà bá tirẹ̀ lọ. Àwọn tí wọ́n lé e kò rí i mú bọ̀. Ọ̀já orí rẹ̀ ni ó kù sí Igbó Laja, níbi tí Ekpo Eyo ti wú àwọn ère alámọ̀ jáde nínú ilẹ̀ ní 1971.

Owú orogún ni ó lé e lọ, ni àwọn ọ̀mọ̀wé wa ń wí. Èmi kò gbà. Ta ni ó bá a mulẹ̀? Ọkọ ni. Baálé tí ó gba èèwọ̀ aya wọlé, tí kò sì kó agbo ilé rẹ̀ níjàánu, òun ni ó dalẹ̀.

Ẹni tí ó bá ní èrò òde òní ni mo gbé wọ ìtàn àtijọ́, kí ó lọ wo ọdún Igógo tí a fi ń ṣe ìrántí rẹ̀ ní oṣù kẹsàn-án. Ìlù a dákẹ́, agogo a máa dún. Obìnrin kì í wé gèlè, ọkùnrin kì í dé fìlà. Ọlọ́wọ̀ fúnra rẹ̀ ni ó ń di irun bí obìnrin, tí ó ń jó yí ìlú ká. Bí ó bá ṣe orogún ni ìlú dá lẹ́bi, kí ni orí ọba ń ṣe nínú ẹjọ́ náà?

Medea tí wọ́n fi ń wé e ńkọ́? Jason ọkọ rẹ̀ dalẹ̀, ọba Creon sì lé e kúrò ní Kọ́ríńtì. Euripides fi í ṣeré ní Athens ní 431 ṣáájú ìbí Kristi. Pausanias kọ ọ́ pé, nítorí ikú àwọn ọmọ Medea, àwọn ọmọdé Kọ́ríńtì a máa gé irun wọn, wọn a sì wọ aṣọ dúdú, títí àwọn ará Róòmù fi pa ìlú náà run. Ọmọdé ni ó ń san gbèsè àgbà níbẹ̀. Jason kò gé irun kankan.

Mo gbọ́ ọ lẹ́nu ẹnìkan tí ó ń mú àlejò kiri lọ́jọ́ ọdún pé oge lásán ni ọba fi irun náà ṣe. Mo ní kí ó bi àgbà tí ó wà nítòsí wa léèrè. Kò bi í.