Ta Ló Wá A Tì?

Ọ̀rọ̀ "ó ti parẹ́" yìí ti yá wa lẹ́nu jù. Ẹranko tí a ò bá ti rí mọ́, ó di "ó ti parẹ́". Ẹ dákun, ta ló wá a tì?

Ẹ gbọ́ ti ọ̀pọ̀lọ́ Ìdànrè. Ọdún 1963 ni Arne Schiøtz, ará Denmark, kọ nípa rẹ̀, tó sì fi orúkọ Perret, onímọ̀ bíi tiẹ̀, sọ ọ́. Ní gbogbo ayé, àwọn òkè Ìdànrè ní ìpínlẹ̀ Oǹdó nìkan ni wọ́n mọ̀ ọ́n mọ́. Àwọn légbénlégbé rẹ̀ kì í gbé inú odò. Ara àpáta ni wọ́n ń lẹ̀ mọ́, níbi tí omi ti ń ṣàn fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ kọjá. Lẹ́yìn náà, ó lé ní 40 ọdún tí ẹnikẹ́ni ò fi ròyìn rẹ̀. Ní 2013, Abiodun Onadeko ti Yunifásítì Èkó àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ wá a lọ. Ọ̀pọ̀lọ́ wà níbẹ̀! 

Àwa tí à ń kọ kóòdù mọ irú èyí dáadáa. Tí ẹ bá wá nǹkan nínú dátábéèsì tí kò jáde, ó lè jẹ́ pé ẹnikẹ́ni ò fi í síbẹ̀ rárá.

Àwọn kan á ní nǹkan le nílùú, kí la fẹ́ fi ọ̀pọ̀lọ́ ṣe? Ní Ọsirélíà, àkèré kan gbé odò inú igbó kìjikìji rí. Á gbé ẹyin rẹ̀ mì, omi kíkan inú ikùn rẹ̀ á dáwọ́ dúró, ọmọ á dàgbà níbẹ̀, á sì pọ̀ wọ́n jáde lẹ́nu. Ọdún 1973 ni wọ́n kọ́kọ́ kọ nípa rẹ̀. 1981 ni wọ́n rí i kẹ́yìn nínú igbó. Ẹ wo ohun tí ìyẹn ì bá kọ́ àwọn oníṣègùn tó ń tọ́jú ọgbẹ́ inú! Wọ́n wá a, wọ́n wá a tì. Òun la lè pè ní èyí tó parẹ́.

Ní Àgọ́ Palace tiwa ńkọ́? Tí òjò bá rọ̀, àkèré á máa ké títí ilẹ̀ á fi mọ́. A mọ ibi tí wọ́n ti ń ta ṣàwámà lóru, a mọ ibi tí omi ti ń dá mọ́tò dúró. Èwo nínú wa ló lè dárúkọ àkèré mẹ́ta? Wọ́n ń fi yanrìn dí àbàtà, à ń wò wọ́n. Tó bá dọ̀la, a ó ní wọ́n ti parẹ́.

Fóònù wà lọ́wọ́ gbogbo wa. Ẹ jẹ́ ká gba ohùn wọn, ká ya fọ́tò, ká kọ ọjọ́ àti ibi tá a ti rí wọn. Ká bi àwọn àgbà léèrè orúkọ wọn. Nínú ìwé, Perret ni ọ̀pọ̀lọ́ Ìdànrè ń jẹ́. Kí ni àwọn ará Ìdànrè ń pè é?

Ẹni tí kò wá nǹkan ò lẹ́nu láti sọ pé ó tán.