Kí PTA Tó Ra Ẹ̀rọ Omi fún Wa

Láti ọwọ́ ọmọ ẹgbẹ́ akọ̀ròyìn, SS2 Sáyẹ́ǹsì

Gbogbo wa la ti gbọ́ pé PTA fẹ́ ra ẹ̀rọ tó ń sẹ́ omi fún ilé ìwé wa. Wọ́n ní tó bá ti dé, ká gbàgbé omi inú ọ̀rá. Irú èyí tí àwọn kan ń lò nílé ni, tí wọ́n ń pè ní reverse osmosis, tí gbogbo èèyàn ń gé kúrú sí RO. Àwọn òbí ló máa dáwó rẹ̀. Ìyẹn ni pé owó ọkọ̀ àti owó oúnjẹ ọ̀sán ọ̀pọ̀ nínú wa wà nínú ọ̀rọ̀ yìí.

Èmi ò lòdì sí ẹ̀rọ náà. Ohun tí mo rí ni pé àsọdùn pọ̀ nínú ohun tí à ń sọ nípa rẹ̀. Àwọn kan ní kò sí ìdọ̀tí tí kò lè mú kúrò. Àwọn kan ní omi rẹ̀ máa ń jẹ egungun èèyàn. Ìhà méjèèjì ló ṣì í mú. Bí a bá sì fi èrò òdì ra nǹkan, owó á lọ, àrùn á sì wà níbi tó wà.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ iṣẹ́ rẹ̀. Ẹ rántí iṣu tí a fi ṣe àyẹ̀wò nínú Biology ní SS1. A gbẹ́ inú iṣu, a da omi iyọ̀ sí i, a gbé e sínú abọ́ omi lásán. Nígbà tó yá, omi inú iṣu ti lé sí i. Osmosis nìyẹn: omi ń gba inú awọ tín-ín-rín kọjá lọ síbi tí iyọ̀ ti pọ̀. RO wá dorí ọ̀rọ̀ náà kodò. Wọ́n á fi agbára ti omi tó ní iyọ̀ mọ́ awọ tín-ín-rín kan, omi á kọjá, iyọ̀ á kù sẹ́yìn. Tí ẹ bá fi wé asẹ́ ògì, ẹ ò jìnnà sí òótọ́. Àmọ́ ihò asẹ́ yìí kéré gan-an ni: kòkòrò tó ń fa taifọ́ọ̀dù fi ẹgbẹẹgbẹ̀rún ìgbà tóbi jù ú lọ.

Ọmọ ilẹ̀ Faransé kan, Jean-Antoine Nollet, ti rí osmosis láti 1748, àpò ìtọ̀ ẹlẹ́dẹ̀ ló fi ṣe àyẹ̀wò tiẹ̀. Ṣùgbọ́n ìparí àwọn ọdún 1950 ni Sidney Loeb àti Srinivasa Sourirajan, ní yunifásítì kan ní Los Angeles, ṣe awọ tó lè ṣe iṣẹ́ RO dáadáa. Ní 1965, wọ́n gbé e lọ sí ìlú Coalinga ní Califọ́níà, níbi tí omi abẹ́ ilẹ̀ ti níyọ̀. Ẹ fi èyí sọ́kàn: iyọ̀ inú omi ni wọ́n torí ẹ̀ ṣe é.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká wá gbé àwọn èrò òdì náà wò lọ́kọ̀ọ̀kan.

Èrò kìíní: “A ti fojú ara wa rí ìdọ̀tí inú omi wa.”

Ọ̀pọ̀ òbí ló ń sọ èyí látìgbà tí alátà kan ti wá ṣe àyẹ̀wò níwájú wọn ní ìpàdé tó kọjá. Ó bu omi kànga wa sínú kọ́ọ̀pù kan, ó bu omi RO sínú èkejì, ó ki ọ̀pá irin sínú méjèèjì, ó sì tanná sí i. Kò pẹ́ rárá, omi kànga pọ́n, ó ki bí omi àgbàrá. Omi RO dúró bó ṣe wà. Àwọn ìyá wa pariwo, “Yéè! Ṣé ohun táwọn ọmọ wa ń mu nìyí?”

Ẹ̀yin ará Chemistry, ẹ gbà mí o! Electrolysis nìyẹn. Iyọ̀ tó wà nínú omi kànga ló jẹ́ kí iná lè gbabẹ̀ kọjá. Bí iná ṣe ń kọjá, ọ̀pá irin náà ń jẹrà sínú omi. Ohun pípọ́n tí wọ́n rí, ara irin alátà ló ti wá, irú èyí tó máa ń bo irin tó bá dípẹtà. Omi RO kò níyọ̀ tó lè gbé iná, ìdí nìyẹn tí kò fi yí padà. Tí ẹ bá fẹ́ mọ̀ bóyá òótọ́ ni mò ń sọ, ẹ ní kí olùkọ́ Chemistry wa fi bátìrì kékeré ṣe é ní láàbù. Kí wọ́n wá ta iyọ̀ ọbẹ̀ díẹ̀ sínú omi RO yẹn, kí wọ́n tún un ṣe. Òun náà á pọ́n. Ṣé iyọ̀ tí màmá wa fi se ọbẹ̀ ti wá di ìdọ̀tí ni?

Alátà náà tún mú ẹ̀rọ kékeré kan jáde, tó rí bíi bírò, tó ń gbé nọ́ńbà wá. Ó ki í bọ omi kànga wa, ó gbé 180 wá. Ó ki í bọ omi RO, ó gbé 9 wá. Nọ́ńbà yẹn ni wọ́n ń pè ní TDS, ìyẹn ìwọ̀n iyọ̀ àti àwọn nǹkan bẹ́ẹ̀ tó yòrò sínú omi. Àmọ́ òfin ìdíwọ̀n omi mímu ní Nàìjíríà gba TDS láàyè títí dé 500 mílígíráàmù nínú lítà kan. 180 ò tó ohun tí èèyàn ń torí ẹ̀ sá.

Èyí tó wá burú jù ni pé ẹ̀rọ bírò yẹn ò lè rí kòkòrò àrùn. Agbára tí omi ní láti gbé iná ni ó ń wọ̀n. Ẹ po ṣúgà sínú omi RO, nọ́ńbà náà ò ní yí padà tó nǹkan kan, torí ṣúgà kì í gbé iná. Omi òjò tó gba orí páànù tí ẹyẹ ń yàgbẹ́ sí kọjá lè gbé nọ́ńbà kékeré wá, kó sì gbé èèyàn dé ọsibítù. Nínú ìdíwọ̀n Nàìjíríà kan náà, kòkòrò E. coli kò gbọdọ̀ sí rárá, òdo ni, nínú 100 mílílítà omi. Ìyẹn gan-an ló yẹ ká béèrè, ẹnikẹ́ni ò sì bi alátà.

Èrò kejì: “Tí a bá ti rà á, ó parí.”

Kò parí o. Kí omi tó dé ibi awọ yẹn, ó máa kọ́kọ́ gba asẹ́ tó ń mú ẹrẹ̀ kọjá, lẹ́yìn náà asẹ́ tí wọ́n fi èédú ṣe. Èédú yẹn ló ń mú chlorine àti òórùn kúrò, chlorine sì máa ń ba irú awọ tí wọ́n ń lò lóde òní jẹ́. Asẹ́ ẹrẹ̀ àti asẹ́ èédú máa ń fẹ́ pípààrọ̀ láàárín oṣù 6 sí 12. Awọ fúnra rẹ̀ lè lo ọdún 2 tàbí 3, tí omi tó ń wọ̀ ọ́ bá dáa. Tí awọ bá ya, tàbí tí rọ́bà tó dì í mú bá jò, omi tí a ò sẹ́ á máa bá omi sísẹ́ jáde, ojú ò sì ní rí i.

Lẹ́yìn ìyẹn, táńkì ìpamọ́ ńkọ́? Omi tó jáde nínú RO kò ní chlorine nínú mọ́, kò sí ohun tó ń ṣọ́ ọ. Tí táńkì bá dọ̀tí, tí a bá sì so kọ́ọ̀pù kan mọ́ ẹnu ẹ̀rọ tí gbogbo ilé ìwé ń fi í mu, ohun tí ẹ̀rọ kó jáde la tún ń fọwọ́ ara wa kó padà.

Èrò kẹta: “Omi òkú ni, ó ń jẹ egungun.”

Òótọ́ ni pé RO ń mú calcium àti magnesium kúrò pẹ̀lú iyọ̀ yòókù. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká ṣe ìṣirò. Calcium tí wọ́n ní kí ọmọ ọjọ́ orí wa máa jẹ lójúmọ́ ní Amẹ́ríkà tó mílígíráàmù 1,300. Ká ní 40 ló wà nínú lítà omi kànga kan, tí o sì mu lítà 2, 80 péré lo rí. Ẹja wẹ́wẹ́ tí a ń rún jẹ tegungun-tegungun, ẹ̀fọ́, ẹ̀wà àti mílíìkì ni egungun wa gbójú lé. Ẹni tí kò rí oúnjẹ gidi jẹ, omi kànga ò lè gbà á.

Àwọn kan tún ní ásíìdì ni. Afẹ́fẹ́ carbon dioxide tó máa ń yòrò sínú ẹ̀ ló ń jẹ́ kí pH rẹ̀ sọ̀ kalẹ̀ díẹ̀ sí 7. Ọsàn tí a ń mu lẹ́nu géètì kan jù ú lọ dáadáa, a ò sì gbọ́ pé ọsàn jẹ egungun ẹnikẹ́ni.

Èrò kẹrin: “Ká ṣáà so ó mọ́ táńkì wa.”

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti ṣe Pressure nínú Physics, ẹ mú kalikulétọ̀ yín. Táńkì wa ga tó mítà 4. 1,000 lọ́nà 10 lọ́nà 4 jẹ́ 40,000 páásìkà. Ẹ̀rọ RO ilé máa ń fẹ́ nǹkan bíi 300,000. Ká tó rí ìyẹn láìlo pọ́ńpù, a ní láti gbé táńkì ga tó mítà 30, bí ilé alájà mẹ́wàá! Nítorí náà pọ́ńpù pọn dandan, pọ́ńpù sì ń fẹ́ iná. Gbogbo wa la mọ bí NEPA ṣe ń ṣe wá ládùúgbò yìí. Ta ló máa ra epo sí jẹnẹrétọ̀ lọ́jọ́ tí iná ò bá sí? Àwọn alátà kì í sọ tìyẹn.

Èrò karùn-ún: “Gbogbo omi tó bá wọ̀ ọ́ ló ń jáde fún mímu.”

Rárá o. Omi kan gbọ́dọ̀ máa ṣan iyọ̀ kúrò lára awọ, ìyẹn á sì gba páìpù mìíràn jáde. Iléeṣẹ́ ìjọba Amẹ́ríkà tó ń rí sí àyíká, EPA, sọ pé ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ RO ilé máa ń da lítà 5 tàbí jù bẹ́ẹ̀ nù kí wọ́n tó fún èèyàn ní lítà 1. Àwọn tuntun kan sàn jù bẹ́ẹ̀. Ká ní lítà 200 la fẹ́ máa mu lójúmọ́, ó lè jẹ́ lítà 1,200 la máa fà látinú kànga. Lásìkò ẹ̀ẹ̀rùn ńkọ́, nígbà tí ìsàlẹ̀ kànga ti ń hàn?

Ṣùgbọ́n èmi ò pe omi yẹn ní ìdọ̀tí. Omi kànga wa náà ni, iyọ̀ rẹ̀ ló kàn pọ̀ sí i. Ó dáa fún ilé ìgbọ̀nsẹ̀. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ bí ilé ìgbọ̀nsẹ̀ wa ṣe ń rùn lẹ́yìn ìsinmi ọ̀sán, ẹ mọ̀ pé lítà 1,000 kì í ṣe ohun tí à ń dà sí gọ́tà.

Èrò kẹfà: “Kò sóhun tó dáa tó RO fún gbogbo omi.”

Ohun tó ń ṣe omi ló yẹ kó sọ oògùn tí a máa lò fún un. Tó bá jẹ́ kòkòrò àrùn ni, ká sè é kó hó dáadáa ti tó láti pa á. Chlorine náà ń ṣiṣẹ́ tí a bá wọ̀n ọ́n bó ṣe yẹ. Álọ́ọ̀mù máa ń jẹ́ kí ẹrẹ̀ rọlẹ̀, àmọ́ omi tó mọ́ lójú lẹ́yìn álọ́ọ̀mù ṣì lè ní kòkòrò nínú. Tó bá jẹ́ iyọ̀, òjé tàbí nitrate ni, sísè ò lè mú un kúrò, ṣe ló máa ki sí i bí omi ṣe ń gbẹ. Ibẹ̀ ni RO ti níṣẹ́. Àwọn tó ń gbé etí òkun ní Èkó, tí kànga wọn níyọ̀, mọ ìdí tí wọ́n fi rà á. Ní Ìbàdàn tiwa ńbí, a jìnnà sí òkun. Ohun tó ń bà mí lẹ́rù nípa kànga wa ni sókàwéè tó wà lẹ́yìn ilé ìgbọ̀nsẹ̀, tí kò jìnnà sí i rárá.

Ohun tí mo ń bẹ̀bẹ̀ fún

Mo rọ PTA kí wọ́n ṣe nǹkan mẹ́rin kí wọ́n tó sanwó fún ẹnikẹ́ni. Àkọ́kọ́, kí wọ́n gbé omi kànga wa lọ sí láàbù tí kò ní nǹkan tà, kí wọ́n yẹ E. coli, nitrate, irin àti òjé wò, kì í ṣe TDS nìkan. Ìkejì, kí wọ́n lẹ èsì rẹ̀ mọ́ ara bọ́ọ̀dù yìí kí gbogbo wa kà á. Ìkẹta, tó bá jẹ́ kòkòrò nìkan ni èsì bá nínú omi, kí wọ́n wo ohun tí kò wọ́n tó RO, bíi chlorine àti títún ẹnu kànga ṣe. Ìkẹrin, tí wọ́n bá ṣì máa ra RO, kí wọ́n ya owó asẹ́ àti epo ọdún méjì sọ́tọ̀, kí wọ́n dárúkọ ẹni tó máa fọ táńkì, kí wọ́n sì fa páìpù omi kejì lọ sí ilé ìgbọ̀nsẹ̀.

Kí wọ́n má sì yẹ omi wò lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Bí òní ṣe rí, ọ̀la ò rí bẹ́ẹ̀, ló ń mú babaláwo dífá ọrọọrún. Omi ìgbà òjò yàtọ̀ sí ti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn.

Ọ̀rọ̀ púpọ̀ ò kún agbọ̀n. PTA ò tíì sanwó. Ẹ sọ fún àwọn òbí yín nílé lálẹ́ òní pé kí wọ́n béèrè ìbéèrè kan ṣoṣo ní ìpàdé tó ń bọ̀: “Kí ni láàbù sọ?”