Adé Love àti Àga Olùdarí

Ó ti pẹ́ tí mo ti ń gbọ́ ọ ní yàrá àwọn olùkọ́, ní Òjòwò níhìn-ín, pé òṣèré tí ó bá sọ ara rẹ̀ di olùdarí sinimá dà bí olùpẹ̀jọ́ tí ó lọ jókòó sórí àga adájọ́. Adéyẹmí Afọláyan, tí gbogbo ayé mọ̀ sí Adé Love, ni wọ́n sì máa ń fi ṣe àpẹẹrẹ. Wọ́n ní Ọlá Balógun tí ó ti Paris kọ́ṣẹ́ dé ni ó mọ iṣẹ́ náà, pé Adé Love ìbá ti mọ ìwọ̀n ara rẹ̀. Èyí tí ó burú jù ni pé ọ̀rọ̀ yìí ti ń wọ inú ìwé ìdáhùn àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa.

N kò gbà. Ní 1966 ni ọmọ Agbamu yìí wọ ẹgbẹ́ Moses Ọláìyá, Bàbá Sàlá. Ní 1971 ó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀. Ó ṣeré nínú Àjàní Ògún (1976) àti Ìjà Òmìnira (1979), èyí tí a gbé ka ìwé Adébáyọ̀ Fálétí, Ọmọ Olókùn-Ẹṣin. Balógun ni ó darí méjèèjì. Ní 1980, Adé Love darí Kádàrá fúnra rẹ̀.

Ṣé ìgbà náà ni ó ṣẹ̀ṣẹ̀ wá di olùdarí? Ẹni tí ó bá mọ bí ẹgbẹ́ eré ayé ìgbà náà ti rí kò ní sọ bẹ́ẹ̀. Ọ̀gá ni ó ń hun ìtàn, òun ni ó ń pín ipa fún òṣèré, òun ni ó ń fi ibi tí wọn yóò dúró hàn wọ́n. Bí iná bá kú, òun náà ni yóò wá ẹ̀rọ amúnáwá. Kámẹ́rà ni ó jẹ́ tuntun sí Adé Love, kì í ṣe ìdarí. Odidi fíìmù méjì ni ó sì fi wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹni tí ó mọ kámẹ́rà lò. Bí a kò bá pe ìyẹn ní ìkọ́ṣẹ́ (àwa tí a fẹ́ràn ìwé-ẹ̀rí!), kí ni à ń pè ní ìkọ́ṣẹ́?

Mo gbà pé ewu wà níbẹ̀. Ẹni tí ó kọ ìtàn, tí ó náwó sí i, tí ó ṣe olú ẹ̀dá-ìtàn, tí ó tún ń darí, ta ni yóò sọ fún un pé àṣejù ti wọ̀ ọ́?

Ṣùgbọ́n nígbà tí Bàbá Sàlá fẹ́ ṣe Moṣebọ́látán ní àárín àwọn ọdún 1980, ta ni ó pè wá darí rẹ̀? Ọmọ-iṣẹ́ rẹ̀ àtijọ́ ni. Bẹ́ẹ̀ Balógun kan náà ni ó darí Ọ̀run Móoru fún un ní 1982; kì í ṣe pé kò mọ ilé rẹ̀.

Wọ́n tún ní ó rẹ̀ ẹ́ ni ó fi dáwọ́ dúró. Òkè òkun ni a ti ń fọ fíìmù nígbà náà. Nígbà tí ètò SAP dé ní 1986, tí náírà já wálẹ̀, apá ta ni ó ká a? Apá kejì Taxi Driver, ní 1987, bọ́ sí àkókò náà gan-an. Adé Love kú ní 1996.

Ọmọ rẹ̀, Kúnlé, ṣeré nínú Ṣaworoidẹ Túndé Kèlání (1999), ó sì wá di olùdarí. Nínú Aràròmíre (2009), ó darí, ó sì ṣe Ṣọlá. Ọ̀nà bàbá rẹ̀ náà ni ó tọ̀, àwọn tí ń bú bàbá ni wọ́n sì ń yin ọmọ.

Ẹ̀yin tí ẹ ń múra ìdánwò, ẹ kọ ọ́ pé òṣèré àti olùdarí ni Adé Love. Bí olùkọ́ yín bá fi bíro pupa fagi lé e, ẹ ní èmi ni mo ní kí ẹ kọ ọ́.