Ẹni tó bí ọmọ ọ̀ràn ni yóò pọ̀n ọ́n

Nígbà ọdún Iléyá àti nígbà Kérésìmesì, ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ tí wọ́n ti Ìkìrun, Ìnísà àti Òkukù lọ wá iṣẹ́ sí Èkó, Ọ̀tà àti Ìbàdàn a máa padà wálé. Àwọn kan nínú wọn ń ṣiṣẹ́ ní ilé-iṣẹ́ tí gbogbo ayé mọ orúkọ rẹ̀, orúkọ yìí sì ni àwọn òbí wọn fi ń yangàn láàárín ẹgbẹ́. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá ní kí ọmọ náà fi káàdì iṣẹ́ rẹ̀ hàn yín, orúkọ mìíràn ni ẹ ó bá níbẹ̀. Orúkọ alágbàtà kan ni, ẹni tí iṣẹ́ tirẹ̀ jẹ́ láti máa kó òṣìṣẹ́ fún ilé-iṣẹ́ ńlá. Alágbàtà ló gba ọmọ náà síṣẹ́, òun náà ló ń sanwó fún un lẹ́yìn tí ó bá ti yọ tirẹ̀. Bí ẹ̀rọ bá gé e ní ìka, ilé-iṣẹ́ a ní òun kò mọ̀ ọ́n rí. Alágbàtà a ní òun kọ́ ni òun ni ẹ̀rọ. Àárín àwọn méjèèjì ni ẹ̀tọ́ òṣìṣẹ́ ń sọnù sí.

Ohun tí mo fẹ́ sọ kò ju ẹyọ kan lọ. Ilé-iṣẹ́ tó ń jẹ èrè iṣẹ́ ni ó yẹ kí ó ru ẹrù òṣìṣẹ́, ì báà jẹ́ alágbàtà mẹ́wàá ló dúró láàárín wọn.

Kì í ṣe òní ni a ti ń rí irú èyí ní agbègbè wa. Ojú irin tó dé Òṣogbo ní 1907 gba Ìkìrun, Ìnísà àti Òkukù kọjá lọ sí Ọ̀fà àti Jẹ́bà. Ó la ọ̀nà fún irè oko wa láti dé etí òkun, ó sì kó àwọn ilé-iṣẹ́ òyìnbó wọ inú ọrọ̀ ajé wa. Ní 1929, ilé-iṣẹ́ méjì para pọ̀ di UAC, tí ó bọ́ sábẹ́ Unilever. Ọwọ́ alágbàtà ni ọ̀pọ̀ àgbẹ̀ ti ń gba owó kòkó wọn. Wọn kì í rí ọ̀gá pátápátá sójú. Nígbà tó di 1937, àwọn ilé-iṣẹ́ tó ń ra kòkó, UAC pẹ̀lú wọn, fi ẹnu kò lórí iye tí wọn yóò máa san ní Gold Coast àti ní Nàìjíríà, kí wọ́n má baà máa bá ara wọn díje. Àwọn àgbẹ̀ Gold Coast kọ̀ jálẹ̀, wọn kò ta kòkó wọn títí di oṣù kẹrin 1938. Níhìn-ín, ẹgbẹ́ Nigerian Youth Movement gbógun ti àdéhùn náà. Ìgbìmọ̀ Nowell tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì gbé dìde sì dámọ̀ràn pé kí wọ́n fagi lé e.

Kòkó ni alágbàtà ń bá wọn rà nígbà náà. Lónìí, agbára apá àwọn ọmọ wa ni ó ń bá wọn rà. Àní nínú ètò ìwọ̀fà, tí ẹnikẹ́ni kò gbàdúrà kí ó padà wá mọ́, olówó mọ ìwọ̀fà rẹ̀, ìwọ̀fà mọ olówó rẹ̀, onígbọ̀wọ́ wà láàárín wọn, àsìkò iṣẹ́ sì ní ààlà. Káṣúà òde òní kò mọ ẹni tí yóò pè ní ọ̀gá.

A kò lè sọ pé òfin Nàìjíríà dákẹ́. Òfin Iṣẹ́ ti 1974 pàṣẹ pé láàárín oṣù mẹ́ta tí òṣìṣẹ́ bá bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, kí agbanisíṣẹ́ fún un ní ìwé tó ṣàlàyé owó àti àkókò iṣẹ́ rẹ̀. Òfin 2010 lórí owó gbà-má-bínú fún òṣìṣẹ́ tó bá fara pa ní kí agbanisíṣẹ́ máa dá ìdá 1 nínú 100 owó oṣù òṣìṣẹ́ sínú àpò tí NSITF ń bójú tó. Òfin owó ìfẹ̀yìntì ti 2014 ní kí agbanisíṣẹ́ dá ìdá 10 nínú 100, kí òṣìṣẹ́ dá ìdá 8. Abala 17 ìwé òfin orílẹ̀-èdè wa sọ pé kí owó dọ́gba níbi tí iṣẹ́ bá ti dọ́gba, bó tilẹ̀ jẹ́ pé abala 6 inú ìwé kan náà kò jẹ́ kí ilé-ẹjọ́ lè fi ipá mú ìyẹn ṣẹ.

Ẹ wo ọ̀rọ̀ kan tó ń padà wá nínú àwọn òfin wọ̀nyí: agbanisíṣẹ́. Ibẹ̀ gan-an ni ihò tí ilé-iṣẹ́ ńlá ń gbà sá lọ wà. Bí alágbàtà bá ti jẹ́ agbanisíṣẹ́ nínú ìwé, gbogbo ẹrù di tirẹ̀. Bí ó bá sì kó ọ́fíìsì rẹ̀ kúrò lóru, òṣìṣẹ́ kò ní ẹni tí yóò dì mú.

Àwọn ilé-ẹjọ́ ti bẹ̀rẹ̀ sí í dí ihò yìí. Ilé-iṣẹ́ Mobil ní Nàìjíríà ní ẹ̀ṣọ́ tó lé ní 800, ó sì ń sọ pé ọlọ́pàá ni wọ́n, kì í ṣe òṣìṣẹ́ òun. Ẹjọ́ náà ń ti ilé-ẹjọ́ kan bọ́ sí òmíràn, títí Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jùlọ fi dá àwọn ẹ̀ṣọ́ náà láre ní 2018 pé òṣìṣẹ́ Mobil ni wọ́n. Ní oṣù kìíní 2021, ilé-ẹjọ́ kan ní ìlú Hague sọ pé kí ẹ̀ka Shell ní Nàìjíríà san owó gbà-má-bínú fún àwọn àgbẹ̀ Oruma àti Goi tí epo rọ̀bì ba ilẹ̀ wọn jẹ́, ó sì di ojúṣe kan ru Shell tó wà lókè òkun fúnra rẹ̀. Ọ̀rọ̀ ilẹ̀ ni ìyẹn, kì í ṣe ti owó oṣù, ṣùgbọ́n ìbéèrè kan náà ni: ǹjẹ́ ìyá lè sọ pé òun kò mọ ọmọ tí òun bí? Láti 2008 ni ẹjọ́ náà ti wà nílẹ̀. Àwọn kan nínú àwọn tó pè é ti kú kí ìdájọ́ tó dé. Mélòó nínú àwọn ọmọ Ìkìrun ló lè dúró pẹ́ tó bẹ́ẹ̀?

Àwọn kan yóò ní bí òfin bá le jù, àwọn ilé-iṣẹ́ yóò kó lọ. Ọ̀rọ̀ yìí kò ṣe é fọwọ́ rọ́ tì, nítorí iṣẹ́ ṣọ̀wọ́n. Ṣùgbọ́n nígbà tí GSK àti Procter & Gamble kéde ní 2023 pé àwọn yóò yí ọ̀nà tí àwọn ń gbà ṣòwò ní Nàìjíríà padà, àìrí dọ́là àti ìṣubú náírà ni wọ́n ń ráhùn lé lórí, kì í ṣe ẹ̀tọ́ òṣìṣẹ́. Ilẹ̀ Faransé ti ṣe òfin ní 2017, ti Jámánì sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 2023, pé kí àwọn ilé-iṣẹ́ ńlá wọn máa ṣọ́ ohun tó ń ṣẹlẹ̀ sí òṣìṣẹ́ ní ọ̀dọ̀ àwọn tó ń bá wọn ṣiṣẹ́, títí kan ilẹ̀ òkèèrè. Ohun tí wọ́n gbà láti ṣe nílé, kí ló dé tí a kò lè béèrè rẹ̀ lọ́wọ́ wọn níhìn-ín?

Èmi kò sọ pé kí a lé alágbàtà lọ. Iṣẹ́ ìgbà díẹ̀ wà lóòótọ́. Ohun tí mo ń béèrè ni pé kí òfin so ilé-iṣẹ́ àti alágbàtà pọ̀, kí òṣìṣẹ́ lè di èyíkéyìí mú nínú wọn. Ní 2011, Ilé-iṣẹ́ Ìjọba fún Ọ̀rọ̀ Iṣẹ́ gbé ìlànà jáde lórí òṣìṣẹ́ alágbàtà, ṣùgbọ́n ẹ̀ka epo rọ̀bì àti gáàsì nìkan ni ó wà fún. Àwọn aṣòfin tí wọ́n ń ṣojú Ifẹ́lódùn àti Odò-Ọ̀tìn lè béèrè pé kí ó di òfin, kí ó sì kan gbogbo ilé-iṣẹ́.

Iṣẹ́ wà fún àwa tó wà nílé pẹ̀lú. Bí ilé-iṣẹ́ ńlá kan bá gbẹ́ kànga ẹ̀rọ fún ìlú, a ó pe ọba, a ó pe ẹgbẹ́ ìdàgbàsókè, a ó ya fọ́tò. Kànga dára. Ṣùgbọ́n kí a tó pàtẹ́wọ́, ẹ jẹ́ kí a béèrè iye tí wọ́n ń san fún àwọn ọmọ wa, ẹni tó ń san án, àti ẹni tí yóò tọ́jú wọn bí wọ́n bá fara pa. Mọ́ṣáláṣí àti ṣọ́ọ̀ṣì ló ń kọ́ wa pé ẹ̀ṣẹ̀ ni láti di owó alágbàṣe mú. Kí àwọn ọ̀dọ́ wa náà má ṣe tijú láti béèrè ìwé iṣẹ́ wọn kí oṣù mẹ́ta tó pé.

Ilé-iṣẹ́ ńlá ló bí alágbàtà, nítorí èrè tirẹ̀ ló fi bí i. Bí ọmọ náà bá di ọmọ ọ̀ràn, kí ìyá rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, kí ó pọ̀n ọ́n.